Kunkun Kọ̀ Kéèkì Bàbá Rẹ̀

"Gbé páálí yẹn kúrò lórí tábìlì mi!"

Bàbá Kunkun ló sọ bẹ́ẹ̀. Ilé búrẹ́dì tó ti ń ṣiṣẹ́ ló ti ń bọ̀, fúláwà sì wà ní irun ojú rẹ̀ àti ní etí rẹ̀ méjèèjì. Ó dúró sẹ́nu ọ̀nà ilé ìdáná, ó ń wo páálí kékeré kan tí ọmọ rẹ̀ obìnrin gbé sórí tábìlì, bí ẹni tó rí eku nínú àpò fúláwà.

"Ẹ káàbọ̀, bàbá mi," ni Kunkun wí. Ó kí i dáadáa, ó sì gba ẹrù ọwọ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n kò gbé páálí náà kúrò.

Olóríkunkun ni wọ́n ń pè é kí wọ́n tó gé e kúrú. Kò ju ọmọ ọdún méjì lọ tó ti ń ti ṣíbí ìyá rẹ̀ dànù, tó ń ké pé òun fẹ́ fi ọwọ́ ara òun jẹun. Nísinsìnyí ó ti di ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún, orúkọ náà ṣì bá a mu rẹ́gí.

Fúláwà ló wà nínú páálí náà, èyí tí wọ́n ti po ṣúgà, iyọ̀ àti páúdà tó ń mú kéèkì wú mọ́ láti ilé iṣẹ́ wá. Mílíìkì àti bọ́tà yíyọ́ díẹ̀ lèèyàn máa dà sí i, á rò ó pọ̀, á gbé e sínú ófúnù, ó parí. Ọmọdé lè ṣe é. Ohun tó sì ń bí bàbá Kunkun nínú gan-an nìyẹn. Ọdún mẹ́tàlélógún ló ti fi ń po fúláwà búrẹ́dì, aago mẹ́rin ìdájí ló sì ń jí. Ó máa ń sọ fún ẹni tó fẹ́ gbọ́ àti ẹni tí kò fẹ́ gbọ́ pé iṣẹ́ tí kò bá mú èèyàn làágùn, eré lásán ni.

"Fúláwà inú páálí! Nínú ilé oníbúrẹ́dì! Ṣé o fẹ́ kí wọ́n fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ ni?"

"Tíṣà ìdáná wa ló fún wa, bàbá mi. Irú páálí kan náà ló fún gbogbo kíláàsì, kí ẹnikẹ́ni má baà rí àwáwí wí. Ìdánwò wa ni."

Ìdánwò ni lóòótọ́. Kálukú ni kó fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe ṣọ́ọ̀tì-kéèkì onísitirọ́bẹ́rì nílé, ìyẹn kéèkì kékeré tó ń fọ́ wẹ́wẹ́ lẹ́nu, tí wọ́n ń fi èso pupa àti kírímù sí lórí, kó gbé e wá lọ́jọ́ Ajé. Ọ̀rọ̀ náà kì í sì í ṣe ọ̀rọ̀ máàkì nìkan. Ilé ẹ̀kọ́ àwọn alásè tó wà lódìkejì ìlú máa ń gba ọmọ kan ṣoṣo láti ilé ẹ̀kọ́ kọ̀ọ̀kan lọ́dún, tíṣà ìdáná ló sì ń kọ orúkọ ẹni náà ránṣẹ́. Láti kíláàsì kìíní ni Kunkun ti ń yọjú láti inú bọ́ọ̀sì wo fèrèsé ilé ẹ̀kọ́ yẹn, tó ń wo àwọn akẹ́kọ̀ọ́ nínú aṣọ funfun, tí ooru ìkòkò ń bò wọ́n lójú. Ó fẹ́ aṣọ funfun yẹn. Ó fẹ́ ẹ débi pé ó ti fi okùn ìwọnṣọ ìyá rẹ̀, tó jẹ́ aránṣọ, wọn apá ara rẹ̀ sílẹ̀ dè é.

Bàbá rẹ̀ jókòó, ohùn rẹ̀ sì rọ̀ díẹ̀. "Ó dáa. Jẹ́ kí n bá ọ ṣe é. Ẹyin mẹ́wàá, bọ́tà gidi, ààrò ńlá ilé búrẹ́dì. Tíṣà yín máa jẹ ẹ́ tán, á lá ìka."

"Ẹ ṣeun, bàbá mi. Èmi ni màá ṣe é."

"Kunkun!"

"Orúkọ tí ẹ̀yin fúnra yín sọ mí nìyẹn."

Bàbá rẹ̀ wò ó títí. Ẹ̀rín wà nínú, ìbínú wà lójú. "Ó dáa. Má pè mí o," ló wí, ó sì wọlé lọ sinmi.

Kò tíì sùn lọ tí Sísí Dígí fi kan ilẹ̀kùn. Ọ̀rẹ́ Kunkun ni láti ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, dígí kékeré kan kì í sì í kúrò lọ́wọ́ rẹ̀. Ó wo páálí, ó wo dígí, ó wo ojú Kunkun.

"Ìwọ náà ń wá iṣẹ́ kiri o! Àwa márùn-ún ti lọ bá obìnrin tó ń ta kéèkì níwájú pápá ìṣeré. Ó máa ṣe é fún wa, lọ́la la máa lọ kó o. Ó ku ìwọ nìkan nínú ẹgbẹ́ wa. Jẹ́ kí n ní kó di mẹ́fà."

"Tí tíṣà bá bi yín léèrè ńkọ́?"

"Kí ló fẹ́ bi wá? Kéèkì ò lẹ́nu tó máa fi rojọ́."

"Mi ò ṣe."

"O ò ṣe? Gbogbo wa ń ṣe é, ìwọ nìkan lò ń ṣe bí ìyá àgbà. Tó o bá gbé òkúta wá lọ́jọ́ Ajé, má ní mi ò kìlọ̀ fún ọ."

"Tí mo bá gbé òkúta wá, òkúta tèmi ni," ni Kunkun wí, ó sì ṣílẹ̀kùn fún un.

Ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Ó ṣan sitirọ́bẹ́rì, ó já ewé orí wọn, ó là wọ́n sí méjì méjì, ó wọ́n ṣúgà lé wọn lórí, ó sì bo abọ́ náà sínú fíríìjì kí omi pupa inú wọn lè sun jáde. Lẹ́yìn náà ló pín fúláwà inú páálí sí ọ̀nà méjì. Ó ní òun máa fi ìdajì dán ara òun wò, òun á fi ìdajì tó kù ṣe ti ìdánwò. Ìpín yẹn nìkan ló fi gbọ́n lọ́jọ́ náà.

Torí nígbà tó da mílíìkì àti bọ́tà sí i tán, ọwọ́ rẹ̀ ṣe ohun tí ọwọ́ ọmọ oníbúrẹ́dì máa ń ṣe. Kò bi í léèrè. Láti ọmọ ọdún méje ni bàbá rẹ̀ ti kọ́ ọ: fi àtẹ́lẹwọ́ tì í síwájú, ká a padà, yí i, gbá a mọ́ tábìlì, tún un ṣe. Kunkun pò ó, ó tún un pò. Ó fi gbogbo ara lé e. Òógùn bọ́ níwájú orí rẹ̀, ó sì rẹ́rìn-ín, torí pé òógùn ni ẹ̀rí iṣẹ́ nílé wọn. Ó pò ó títí ó fi ń dán bí ẹ̀rẹ̀kẹ́ ọmọ tuntun. Ó gé e róbótó róbótó, ó tì í sínú ófúnù.

Nígbà tó gbé e jáde, kò wú. Ó mú ọ̀kan, ó fi kan tábìlì. Kó, kó, kó. Ó gbé ọ̀bẹ sí i, ọ̀bẹ yọ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

Ariwo yẹn ló jí bàbá rẹ̀. Ó yọ sílé ìdáná, ó mú kéèkì kan, ó yẹ̀ ẹ́ wò bí dókítà, ó sì fi kan férémù ilẹ̀kùn. "Ẹ jọ̀ọ́, ta ló wà nínú ilé?" Ìyá Kunkun tó wà nídìí ẹ̀rọ ìránṣọ ní pálọ̀ ní láti yọ abẹ́rẹ́ lẹ́nu kó tó lè rẹ́rìn-ín dáadáa. Àwọn méjèèjì rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn.

Omi wà lójú Kunkun náà, ṣùgbọ́n tirẹ̀ kì í ṣe ti ẹ̀rín. Ó dùn ún. Ó kó gbogbo òkúta náà sínú ọ̀rá, ó so ó, kò sì dà á nù. Nígbà tí kò sí ẹni tó ń wò ó mọ́, ó gbé páálí sójú fèrèsé, ó ka ọ̀rọ̀ tíńtínní tó wà lẹ́yìn rẹ̀, èyí tí kò kà tẹ́lẹ̀, torí pé ta ló fẹ́ kọ́ ọmọ oníbúrẹ́dì ní fúláwà? *Rò ó díẹ̀. Jẹ́ kí kókó wà nínú rẹ̀. Má ṣe pò ó.*

Àṣejù, baba àṣetẹ́. Agbára tó ń gbé búrẹ́dì dìde ló pa kéèkì yìí.

Lọ́sàn-án ọjọ́ Àìkú, Kunkun lọ ra mílíìkì. Nígbà tó padà dé, ó bá kéèkì kan lórí tábìlì ilé ìdáná. Ìpele mẹ́ta ni. Kírímù funfun bò ó, ó dúró dáadáa, sitirọ́bẹ́rì sì tò yí i ká láìsí èyí tó ga ju èkejì lọ. Bàbá rẹ̀ dúró tì í pẹ̀lú ṣẹ́ẹ̀tì mímọ́. Ọjọ́ ìsinmi rẹ̀ kan ṣoṣo nínú ọ̀sẹ̀ nìyí, ilé búrẹ́dì ló sì ti lò ó láti àárọ̀.

"Mi ò kọ orúkọ mi sí i," ni bàbá rẹ̀ wí jẹ́jẹ́. "Gbé e lọ. Ilé ẹ̀kọ́ yẹn, mo mọ̀ bó o ṣe fẹ́ ẹ tó. Mo rí ibi tó o kọ ìwọ̀n apá rẹ sí lára ògiri."

Kéèkì náà wọ Kunkun lójú, kò sí irọ́ níbẹ̀. Ó rí aṣọ funfun nínú rẹ̀. Kò ju kó gbé e lọ. Ta ló máa mọ̀? Bàbá ẹni ló sáà ṣe é, kì í ṣe pé ó jí i gbé. Ó na ọwọ́, ó yí àwo náà díẹ̀ láti rí ẹ̀yìn rẹ̀. Ẹ̀yìn rẹ̀ náà dára.

Ó fa ọwọ́ rẹ̀ padà.

"Ẹ má bínú, bàbá mi. Mi ò ní gbé e."

Ojú ọkùnrin náà yí padà. "Ṣé iṣẹ́ ọwọ́ mi ló ń tì ọ́ lójú?"

"Iṣẹ́ yín ò tì mí lójú rí. Tèmi ni kò tíì sí. Tí mo bá gbé èyí lọ, ẹ̀yin ni kí wọ́n gbà sílé ẹ̀kọ́ náà, kì í ṣe èmi."

"Kí o gbé òkúta lọ, kí wọ́n fi ọ́ rẹ́rìn-ín, ìyẹn ló tẹ́ ọ lọ́rùn?"

"Ó tẹ́ mi lọ́rùn, bàbá mi."

Ẹ̀rọ ìránṣọ dákẹ́ ní pálọ̀. Ohùn ìyá rẹ̀ wá láti ibẹ̀, kò dìde. "Bàbá Kunkun, ẹ fi ọmọ sílẹ̀. Èmi tí mò ń ránṣọ ni kí ẹ bi. Ẹ̀wù à-yá-wọ̀ kì í yẹ ọmọ èèyàn. Bí kò fún un lápá, á ṣo lẹ́sẹ̀."

Bàbá rẹ̀ bo kéèkì rẹ̀, ó gbé e, ó jáde lọ fún àwọn tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́ ní ilé búrẹ́dì. Kò bá Kunkun sọ̀rọ̀ mọ́ lọ́jọ́ náà, ilé sì tutù bí ilé tí kò sẹ́ni. Ọ̀rọ̀ náà wọ Kunkun lára gan-an. Ó fẹ́ràn bàbá rẹ̀, ó mọ̀ pé òun ti ṣẹ́ ẹ lọ́kàn. Síbẹ̀ ó gbé páálí sórí tábìlì.

Kò fọkàn tán ọwọ́ ara rẹ̀. Nítorí náà, ó ti ọwọ́ òsì bọ inú okùn aṣọ ìdáná tó so sẹ́yìn, ó fà á le, kí ọwọ́ náà má baà wá bá èkejì lẹ́nu iṣẹ́. Ó da mílíìkì àti bọ́tà sí ìdajì tó kù, ó fi fọ́ọ̀kì rò ó, ó sì ń kà. Ó ka ogún, ó dúró. Ó burú lójú! Ó rí ṣákaṣàka, kókó wà níbí, fúláwà gbígbẹ wà lọ́hùn-ún. Ọwọ́ òsì ń jà lẹ́yìn rẹ̀ pé kí wọ́n tú òun sílẹ̀. "Dákẹ́," ni Kunkun sọ fún un. Ó fi ṣíbí bù ú sórí àwo ófúnù lóróòkè lóróòkè, ó sì tilẹ̀kùn ófúnù.

Wọ́n wú. Orí wọn rí gbágungbàgun, ara wọn pọ́n. Nígbà tó di ọ̀kan mú, ó là sí méjì lọ́wọ́ rẹ̀ láìlo ọ̀bẹ, ooru sì yọ jáde láti inú rẹ̀. Kunkun fò sókè nínú ilé ìdáná lóun nìkan.

Lọ́jọ́ Ajé, àwo mọ́kànlélógún ló wà lórí tábìlì gígùn ní kíláàsì ìdáná. Tíṣà wọn, obìnrin kúkúrú kan tó máa ń fi awò ojú rẹ̀ kọ́ ọrùn, ń rìn lọ díẹ̀díẹ̀ pẹ̀lú fọ́ọ̀kì lọ́wọ́. Márùn-ún nínú àwọn kéèkì náà jọra bí ẹni pé ọjọ́ kan náà ni ìyá kan náà bí wọn. Ti Kunkun wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn, ó tẹ̀ sọ́tùn-ún, omi sitirọ́bẹ́rì ń sun lára rẹ̀, kírímù tó fi fọ́ọ̀kì lù títí apá fi ń ro ó sì ti ń ṣàn lọ sínú àwo.

"Kunkun gbé òkè wá sí kíláàsì," ni ẹnì kan wí, wọ́n sì rẹ́rìn-ín. Kunkun gbé àgbọ̀n sókè, ó ń wo ẹni tó sọ ọ́ títí ẹni náà fi wolẹ̀.

Tíṣà dúró níwájú Sísí Dígí. Ìbéèrè kan ṣoṣo ló ń bi gbogbo wọn. "Kí lo bà jẹ́ kí èyí tó jáde?"

"Kò sí, mà. Ó dára láti ìbẹ̀rẹ̀."

"O ṣe é re. Ẹyin mélòó lo fi sí i?"

"Mẹ́ta, mà."

Tíṣà fi ìka tẹ orí kéèkì náà, ó rì, ó sì tún dìde padà. "Kò sí ẹyin nínú iṣẹ́ tí mo fún yín. Fúláwà inú páálí yẹn kò sì lè bí irú èyí. Ó ń fọ́ ni, kì í rì kó dìde." Ó wo àwo márààrún lọ́kọ̀ọ̀kan. Kò pariwo. "Ọwọ́ ta ló ṣe wọ́n?"

Dígí kékeré kò jáde nínú àpò lọ́jọ́ náà. Kéèkì kò lẹ́nu lóòótọ́, ṣùgbọ́n ó ti rojọ́ tán.

Ó wá kan Kunkun. Ọkàn rẹ̀ rántí ìpele mẹ́ta bàbá rẹ̀, ẹyin mẹ́wàá inú rẹ̀, ẹ̀rù sì bà á fún ohun tí ì bá ṣẹlẹ̀.

"Kí lo bà jẹ́?"

"Ìdajì páálí, mà." Ó tú ọ̀rá tó gbé wá, ó sì da òkúta rẹ̀ sórí tábìlì níwájú gbogbo kíláàsì. Wọ́n dún gbàrà-gbàrà. Ẹ̀rín bú. Kunkun kò wolẹ̀. "Mo pò ó bíi búrẹ́dì, mà. Bàbá mi ló kọ́ mi, oníbúrẹ́dì ni, ọwọ́ rẹ̀ sì dára. Ọwọ́ tèmi ni kò mọ ibi tó yẹ kó dúró. Lọ́jọ́ kejì, mo so ọ̀kan mọ́ ẹ̀yìn."

Tíṣà gbé òkúta kan, ó fi kan tábìlì, ó sì mú fọ́ọ̀kì rẹ̀ sí èyí tó rí gbágungbàgun. Ó jẹ ẹ́. Ó tún un jẹ. "Kírímù rẹ ṣàn. Ìdí rẹ̀ jó díẹ̀. Méje nínú mẹ́wàá."

Kò sẹ́ni tó gba ju méje lọ lọ́jọ́ náà. Àwọn márùn-ún gba òdo, wọ́n sì ní láti máa dúró lẹ́yìn tí ilé ẹ̀kọ́ bá parí fún ọ̀sẹ̀ kan, kí wọ́n fọ gbogbo abọ́ kíláàsì, kí wọ́n sì tún ti wọn ṣe lójú tíṣà. Kí agogo tó lù, tíṣà kọ orúkọ kan sínú ìwé tó máa fi ránṣẹ́ sílé ẹ̀kọ́ àwọn alásè. Kunkun rí i kedere láti ibi tó dúró sí. Orúkọ rẹ̀ gangan ni, kì í ṣe Kunkun.

Sísí Dígí dè é lẹ́nu ọ̀nà. "O dójú tì wá!"

"Mi ò la ẹnu mi nípa yín."

"Òkúta tó o dà sílẹ̀ yẹn ńkọ́? Gbogbo wọn á máa pè ọ́ ní ọmọ tíṣà."

"Kí wọ́n máa pè mí. Mo ti ní orúkọ burúkú kan tẹ́lẹ̀, kò tíì pa mí." Lẹ́yìn náà ni Kunkun dẹ ohùn sílẹ̀. "Wá sílé wa lọ́la, màá fi hàn ọ́. Ṣùgbọ́n ìwọ lo máa rò ó o, ọwọ́ mi ò ní kàn án." Ọ̀rẹ́ rẹ̀ pòṣé, ó bá tirẹ̀ lọ. Ọjọ́ mẹ́ta gbáko ni kò fi bá a sọ̀rọ̀, kó tó wá kan ilẹ̀kùn pẹ̀lú mílíìkì lọ́wọ́.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ Ajé yẹn, bàbá Kunkun jókòó sídìí tábìlì ilé ìdáná. Ó ti gbọ́ ìròyìn lẹ́nu ìyàwó rẹ̀. Kunkun gbé ọ̀kan tó fi pa mọ́ dè é wá síwájú rẹ̀. Ọkùnrin náà gbóòórùn rẹ̀, ó fi ìka tẹ̀ ẹ́, ó yẹ ìdí rẹ̀ wò, ó wá bù ú jẹ.

"Ó ń fọ́," ló wí.

"Bó ṣe yẹ kó rí nìyẹn, bàbá mi."

Ó jẹ ẹ́ tán. Ó fi ìka kó ẹ̀rún ara àwo. Ó dìde, ó ká apá ṣẹ́ẹ̀tì sókè, ó sì fọ ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì. "Ọ̀nà kan ò wọjà. Ibo ni páálí mìíràn wà? Kọ́ mi."

Kunkun rò pé òun kò gbọ́ dáadáa. Ṣùgbọ́n bàbá rẹ̀ ti dúró sídìí abọ́, ó ń dúró dè é bí ọmọ iṣẹ́. Ìyá rẹ̀ ló ní kí wọ́n wo inú àpótí ìfoúnjẹpamọ́. Òun fúnra rẹ̀ ló ti ra páálí náà síbẹ̀ láàárọ̀. Kunkun da fúláwà, ó da mílíìkì. Bàbá rẹ̀ ti ọwọ́ bọ̀ ọ́, apá rẹ̀ sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í tì í síwájú.

"Ó tó, bàbá mi!"

"Kò tíì dán!"

"Kò gbọ́dọ̀ dán! Ẹ gbé ọwọ́ sókè!"

Ọkùnrin náà gbé ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì sókè bí ẹni tí ọlọ́pàá mú, fúláwà ń kán sílẹ̀ nínú ìka rẹ̀, àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sì bú sẹ́rìn-ín.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ gbọ́. Iṣẹ́ àgbàyanu tí ẹlòmíràn ṣe kò lè gbé ẹni tó yá a débì kan, àfi débi tí wọ́n á ti bi í ní ìbéèrè kan ṣoṣo. Èyí tí ẹ bà jẹ́ fúnra yín, tí ẹ sì tún ṣe, òun ni tiyín. Bí ẹni tó fẹ́ràn yín bá tilẹ̀ fẹ́ gbà á ṣe fún yín, ẹ fi ọ̀wọ̀ kọ̀ ọ́.

Ní ti Kunkun, ó ti wọ aṣọ funfun rẹ̀ báyìí, ìyá rẹ̀ ló sì rán an. Ọ̀kan nínú àwọn kéèkì òkúta wọ̀nyẹn tó kó padà wálé ṣì wà nílẹ̀ ilé ìdáná wọn. Òun ni wọ́n fi ń dá ilẹ̀kùn dúró kí atẹ́gùn má baà tì í. Bí àlejò bá kọsẹ̀ lára rẹ̀, tó béèrè ohun tó jẹ́, bàbá Kunkun á ti gbé e sókè kí ẹnikẹ́ni tó dáhùn.

"Kéèkì ni. Ọmọ mi ló ṣe é," ni yóò wí. "Ọwọ́ ara rẹ̀ ló fi ṣe é."